Oṣù Mẹ́rìnlá Péré

Oṣù méjì lẹ́yìn tí a sin ọkọ mi, mo ṣí ààrò búrẹ́dì mi. Ọdún mẹ́rìndínlógún ni ilẹ̀kùn irin rẹ̀ fi wà ní títì. Alángbá ti fi inú rẹ̀ ṣe ilé, eruku sì ti dì mọ́ ara bíríkì. Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi gbá a, tí mo fi nù ún, tí mo sì ń dáná sí i díẹ̀díẹ̀ kí bíríkì má baà sán. Àwọn aládùúgbò ní ìbànújẹ́ ló ń dà mí láàmú. Kí ẹnikẹ́ni má ṣì mí gbọ́ o, mo fẹ́ràn ọkọ mi, mo sunkún rẹ̀ títí ojú mi fi wú. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí búrẹ́dì àkọ́kọ́ jáde, tí mo dojú rẹ̀ dé, tí mo fi ìka kan ìdí rẹ̀ tó sì dún bó ṣe yẹ kó dún, inú mi dùn débi pé ojú tì mí.

Kí ọkọ mi tó di Ọlọ́lá, Ìyá Oníbúrẹ́dì ni gbogbo àdúgbò ń pè mí. Nígbà náà ni ọkùnrin tó ń ṣojú ẹkùn wa nílé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀ kú, tí wọ́n ní kí ọkọ mi wá bá wọn parí sáà rẹ̀. Oṣù mẹ́rìnlá péré ni wọ́n pè é. Ní ẹkùn wa yìí, ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ló ń wọlé láti ìgbà tí mo ti gbọ́njú, Ẹgbẹ́ Àkàbà. Bí wọ́n bá fa àpótí ìjókòó kalẹ̀, àpótí ìjókòó ni yóò wọlé. Bẹ́ẹ̀ ni ọkọ mi ṣe wọlé, bẹ́ẹ̀ ni oṣù mẹ́rìnlá ṣe di ọdún mẹ́rìndínlógún, pósí ló sì gbé e jáde níbẹ̀. Ọ̀sẹ̀ tó wọlé gan-an ni Akọ̀wé ẹgbẹ́ wá bá mi nídìí ààrò, tó wò mí láti òkè dé ilẹ̀, tó ní, "Ìyàwó Ọlọ́lá kì í po ìyẹ̀fun, mà." Mo nu ọwọ́ mi, mo ti ààrò.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí Akọ̀wé yìí jẹ́. Ó tín-ín-rín, ohùn rẹ̀ tutù, pẹ́ńsù kan kì í sì í kúrò létí rẹ̀. N kò rí ìbínú rẹ̀ rí. Bó bá fẹ́ kéèyàn fọwọ́ síwèé, yóò ti fi pẹ́ńsù fa àgbélébùú kékeré síbi tí ọwọ́ yóò wà. Ìwé ìpàdé àwọn obìnrin ni o, ìwé ìdúpẹ́ ni o, ìwé gbígba àlejò ni o, gbogbo èyí tó bá kan ìyàwó Ọlọ́lá, bẹ́ẹ̀ ni a ṣe ń ṣe é. N kò ka ọ̀kan rí. Àgbélébùú ni mo máa ń wá.

Nítorí náà, lọ́jọ́ tó gbé ìwé márùn-ún wá bá mi, tó ní ìwé ẹ̀tọ́ Ọlọ́lá tó di olóògbé ni, ìyẹ̀fun kún ọwọ́ mi dé ìgbúnwọ́, ààrò sì ti gbóná. Mo fi aṣọ nu ìka mẹ́ta. Àgbélébùú márùn-ún ló wà níbẹ̀, mo fọwọ́ sí márààrùn-ún. Ó kí mi kú iṣẹ́, ó ra búrẹ́dì méjì, ó bá tirẹ̀ lọ. Igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè la ti ń wò ó. Èmi kò tilẹ̀ wo èyí tó wà níwájú imú mi.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn náà, láàárọ̀ ọjọ́ Mọ́ńdè, mo jáde láti gbálẹ̀, mo sì rí ara mi lára ògiri. Pósítà ńlá ni. Fọ́tò ọjọ́ ìsìnkú ni wọ́n lò, wọ́n kàn gé pósí kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Wọ́n kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé ìdìbò àfirọ́pò ń bọ̀, pé kí a dìbò fún Àkàbà, pé ìyàwó rẹ̀ ni yóò parí iṣẹ́ rẹ̀. Mo dúró síbẹ̀ pẹ̀lú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́, mo ń wo ojú ara mi bí ẹni ń wo ojú onígbèsè.

Òkè ilé ìtajà bàtà kan ni ilé ẹgbẹ́ wà. Mo gun àtẹ̀gùn náà láìsinmi. Mo bá Akọ̀wé àti ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, ẹni tí gbogbo ẹbí ń pè ní Bùọ̀dá Àgbà, wọ́n ń mu tíì.

"Ẹ káàbọ̀, mà," Akọ̀wé dìde. "A ti ń retí yín."

"Ta ló ní kẹ́ ẹ lẹ àwòrán mi mọ́ ògiri?"

"Ẹ̀yin náà ni, mà." Ó ṣí fáìlì kan, ó yọ ìwé karùn-ún yẹn jáde. "Àbí ọwọ́ yín kọ́ nìyí?"

Ọwọ́ mi ni. Ìyẹ̀fun ṣì wà ní igun rẹ̀.

"Ìwé ẹ̀tọ́ ọkọ mi lẹ pè é fún mi."

"Mẹ́rin jẹ́ bẹ́ẹ̀, mà. Ìkarùn-ún, mo rò pé ẹ máa kà á ni."

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí ju kó bú mi lọ. Ó mọ̀ pé n kì í kà á. Òun ló kọ́ mi láti má kà á.

"Ó dáa. Ẹ yọ orúkọ mi kúrò."

"Ọjọ́ Jímọ̀ ni ọjọ́ tí wọ́n ń yọ orúkọ parí, mà. Àjọ elétò ìdìbò ti ti ìwé wọn."

Bùọ̀dá Àgbà gbé ife rẹ̀ sílẹ̀. "Ìyàwó, jókòó. Kí ló tó báyìí? Oṣù mẹ́rìnlá péré ni."

"Bùọ̀dá, oṣù mẹ́rìnlá yìí náà lẹ sọ fún àbúrò yín."

"Ṣebí ó parí ẹ̀? Ó tiẹ̀ ṣe lé e."

"Ọjọ́ tí wọ́n bá búra fún mi ni màá kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀."

Kò bínú. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìka. Ọmọ ẹ̀gbọ́n wa tó ń wakọ̀ nílé iṣẹ́ omi. Àbúrò rẹ̀ tó wà ní ọ́fíìsì ilẹ̀. Àwọn méjì tó ń ṣọ́ ilé ẹjọ́. Ọkọ mi ló bá gbogbo wọn wá iṣẹ́. Ó ní tí mo bá fi ipò náà sílẹ̀, ìdílé tó ti ń bá wa du tíkẹ́ẹ̀tì Àkàbà láti ọjọ́ yìí ni yóò gbà á, wọn yóò sì lé tiwa kí wọ́n lè fi tiwọn síbẹ̀. Mẹ́wàá ló kà. Ó wá ní, "Ìkọkànlá ni ọmọ tìrẹ, nọ́ọ̀sì wa."

Mo sọ̀ kalẹ̀ nínú ilé náà. Mo pe ọmọ mi lórí fóònù.

"Mọ́mì, ẹ má tìtorí mi ṣe nǹkan tẹ́ ẹ ò fẹ́," ló kọ́kọ́ sọ. Ó wá ní, "Ṣùgbọ́n ilé ìwòsàn ló ni ilé tá à ń gbé. Àwọn ọmọ sì ti wọ ilé ìwé níbí."

"Mo ti gbọ́, ọmọ mi. Má sunkún."

Lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn mo tú dúrọ́ọ̀ ọkọ mi, bóyá mo lè rí ìwé òfin kan tí yóò gbà mí. Lẹ́tà mẹ́ta ni mo rí, òun ló fọwọ́ ara rẹ̀ kọ wọ́n, ọdún wọn jìn síra. Nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó ń bẹ ẹgbẹ́ kí wọ́n jẹ́ kóun fiṣẹ́ sílẹ̀. Akọ̀wé ti fi pẹ́ńsù kọ ọ́ sí etí ọ̀kọ̀ọ̀kan pé, "A ó yẹ̀ ẹ́ wò lẹ́yìn ìdìbò." Nínú èyí tó kẹ́yìn, ọkọ mi kọ ọ́ pé òun fẹ́ kí ìyàwó òun padà sídìí ààrò rẹ̀. Kò sọ fún mi rí. Èmi náà kò sọ fún un rí pé mo máa ń lọ dúró níwájú ààrò yẹn bí kò bá sí nílé. A jọ wà nínú ẹ̀wọ̀n kan náà, kálukú wa rò pé òun nìkan ni. Mo jókòó sórí ibùsùn, mo sunkún rẹ̀ lákọ̀tun, mo sì bínú sí i.

Ìbínú yẹn ló là mí lójú. Bí mo bá kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀, èmi ni mo jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n bí mo bá fìdí rẹmi ńkọ́? Ta ni yóò bá àpótí ìdìbò jà? Ẹni kan ṣoṣo tó ń bá mi díje ni Tíṣà, ti Ẹgbẹ́ Kọ́kọ́rọ́. Gbogbo ẹgbẹ́ wọn kò ju ènìyàn mẹ́sàn-án lọ. Bí Tíṣà bá wọlé, kò ní ẹbí tó fẹ́ fi rọ́pò ẹnikẹ́ni níbi iṣẹ́. Ọ̀nà kan tó kù nìyẹn, mo sì gbà á.

Mo bá Tíṣà ní kíláàsì rẹ̀ lẹ́yìn tí ilé ìwé parí, ó ń máàkì ìṣirò. Nígbà tó wà lọ́mọdé, ọwọ́ mi ló ti ń ra búrẹ́dì. Pósítà rẹ̀ ni wọ́n fi bo àwọn ìwé tó wà lórí tábìlì, ojú rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín lẹ́yìn ìwé bí ogójì.

"Tíṣà, ìpolongo tìrẹ ńkọ́? N kò gbọ́ ohùn rẹ."

"Mà, mo kàn forúkọ sílẹ̀ ni. Alága wa ní kí ìwé ìdìbò má baà ṣófo. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé mi ò lè wọlé."

"Ṣùgbọ́n ṣé o fẹ́ wọlé?"

Ó bọ́ awò ojú rẹ̀. Ó ṣí àpótí tábìlì, ó mú ìwé kan tó ti gbó lẹ́bàá jáde. Ọdún méje ló ti ń kọ ọ́. Ó mọ iye àga tó kù ní ilé ìwé kọ̀ọ̀kan ní ẹkùn wa, ó mọ òrùlé tó ń jò, ó mọ afárá tí ọmọ ilé ìwé kò lè gbà kọjá bí òjò bá rọ̀. Ó ń kà á fún mi, ohùn rẹ̀ ń yára. Inú mi dùn. Mo ní, "Ó parí. Ìwọ wọlé, èmi á máa yan búrẹ́dì mi."

"Ẹ̀yin mà ni alátakò mi, mà."

"Alátakò ti kú. Jáde lọ bá àwọn èèyàn sọ̀rọ̀."

Ní ìpàdé ìpolongo àkọ́kọ́, ní pápá ilé ìwé, wọ́n gbé ẹ̀rọ gbohùngbohùn fún mi. Mo ti pinnu. Mo ní, "Ẹ̀yin ará mi, n kò mọ nǹkan kan nípa òfin. N kò bẹ ẹnikẹ́ni fún ipò yìí, n kò sì fẹ́ ẹ. Tíṣà mọ̀ ọ́n jù mí lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dìbò fún mi."

Gbogbo pápá dákẹ́. Mo rò pé ó ti bọ́ sí i. Àfi bí mẹkáníìkì kan lápá ọ̀tún ṣe pariwo, "Ẹ wo ìrẹ̀lẹ̀!" Ni àtẹ́wọ́ bá sọ. Obìnrin kan ń nu ojú. Nígbà tí mo sọ̀ kalẹ̀, Akọ̀wé gbá ọwọ́ mi mú.

"Mà, ta ló kọ ọ̀rọ̀ yẹn fún yín? Ẹ bá mi tún un sọ lọ́la."

Lọ́jọ́ kejì mo gbìyànjú èébú. Mo ní ẹ̀yin gan-an lẹ fa gbogbo rẹ̀, pé bí wọ́n bá fa ewúrẹ́ kalẹ̀, ẹ ó dìbò fún ewúrẹ́. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Ọkùnrin kan ní, "Ìyá wa ni. Ìyá ló ń bọ́mọ wí báyìí." Lọ́jọ́ kẹta mo ka ìwé Tíṣà fún wọn lórí pẹpẹ, àga tó kù, òrùlé tó ń jò, mo ní òun ló kọ ọ́. Wọ́n ní ta ló tún gbọ́ irú ọkàn mímọ́ bẹ́ẹ̀ rí, ẹni tó ń yin alátakò. Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, pósítà tuntun ti wà lára ògiri mi: Kò wá ipò, ipò ló wá a. Ilé ọba tó jó, ẹwà ló bù sí i. Ní gbogbo ibi tí mo bá ti sọ̀rọ̀, Tíṣà wà lẹ́yìn, ó dúró lábẹ́ igi tàbí lẹ́bàá ògiri, ó ń gbọ́ mi. Mo rò pé ó ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ ní gbangba ni. Mo tilẹ̀ ń ṣẹ́jú sí i.

Láàárọ̀ ọjọ́ Sátidé tí a dìbò, mo po ìyẹ̀fun, mo dà á sínú agolo méjìlá kó máa wú dè mí, mo sì lọ tò. Ilé ìwé Tíṣà ni ibùdó ìdìbò wa. Àwọn èèyàn fẹ́ kí n bọ́ síwájú, mo kọ̀, mo tò bí gbogbo ayé. Wọ́n fún mi ní ìwé ìdìbò, mo wọ ẹ̀yìn páálí tí wọ́n fi ṣe ìbòjú. Ibẹ̀ dákẹ́. Àkàbà wà lókè, kọ́kọ́rọ́ wà nísàlẹ̀. Mo tẹ àtàǹpàkò mi mọ́ kọ́kọ́rọ́, mo sì tẹ̀ ẹ́ dáadáa. Láti ọdún mẹ́rìndínlógún, ìwé àkọ́kọ́ tí mo fọwọ́ sí tí kò ní àgbélébùú Akọ̀wé lára nìyẹn. Mo ká a, mo jù ú sínú àpótí. Tíṣà ló tẹ̀ lé mi, mo rí i tó wọ ẹ̀yìn páálí, ó pẹ́ díẹ̀ níbẹ̀ kó tó jáde.

Mo mọ̀ pé kò dájú. Àmọ́ bí èmi bá lè yí ọwọ́ padà nínú òkùnkùn páálí yẹn, ta ló sọ pé àwọn yòókù kò lè ṣe é? Ìrètí yẹn ni mo fi jókòó dè wọ́n títí di ìrọ̀lẹ́.

Gbangba ni wọ́n ti ka ìbò. Òṣìṣẹ́ ìdìbò ń gbé ìwé sókè lọ́kọ̀ọ̀kan. "Àkàbà. Àkàbà. Àkàbà." Àwọn èèyàn ń bá a kà á. Ó dé àárín, ó gbé ọ̀kan sókè, ó wò ó lẹ́ẹ̀mejì. "Kọ́kọ́rọ́." Ẹ̀rín sọ. Àtàǹpàkò mi ni, mo dá a mọ̀ láti òkèèrè, ó tẹ̀ bí ẹni ń tẹ ìyẹ̀fun. Ó ń bá a lọ, títí ìwé fi tán. Àkàbà ní ọ̀ọ́dúnrún ó lé méjìdínlógún. Kọ́kọ́rọ́ ní ẹyọ kan.

"Tíṣà!" ẹnìkan pariwo. "Ìwọ nìkan lo dìbò fún ara rẹ!"

Tíṣà bá wọn rẹ́rìn-ín. Kò wo ibi tí mo wà. Mo tún kà á nínú ọkàn mi, èmi kan, òun kan, ó yẹ kó jẹ́ méjì. Ìṣirò tí mo mọ̀ ni, òun ló sì ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ.

Mo bá a lẹ́yìn kíláàsì, níbi ẹnu ẹ̀rọ omi, ó ń fọ tàdáwà kúrò níka.

"Ìbò kan yẹn, èmi ni mo ni ín."

"Mo mọ̀, mà."

"Tìrẹ dà?"

Ó ti ẹnu ẹ̀rọ pa. "Mà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Kò sí ibi tẹ́ ẹ ti sọ̀rọ̀ tí mi ò sí. Ọdún méje ni mo ti ń fẹ́ ipò yẹn, mo máa ń rí i lójú àlá. Ẹni tó fẹ́ nǹkan tó bẹ́ẹ̀, ṣé ó ṣeé fọkàn tán? Ẹ̀yin ò fẹ́ ẹ rárá. Irú yín ló yẹ kó lọ."

"Òótọ́ ni mo ń sọ, Tíṣà! Mo ní kí wọ́n má dìbò fún mi!"

"Mo gbà yín gbọ́, mà. Torí ẹ̀ ni mo ṣe dìbò fún yín."

Ó yọ ìwé tó gbó lẹ́bàá yẹn lábẹ́ abíyá, ó fi ọwọ́ méjèèjì nà án sí mi. Ó ní kí n bá òun mú un lọ síbẹ̀. Ó ń ṣe mí bíi kí n gbá a létí. Mo gba ìwé náà, nítorí pé òrùlé ń jò lóòótọ́.

Nígbà tí mo délé, ìyẹ̀fun ti wú kọjá agolo, ó ti ṣàn sílẹ̀ lórí tábìlì, ó ti kan. Ìwúkàrà kì í dúró de ìdìbò. Mo ń fi ọ̀bẹ há a kúrò nígbà tí Akọ̀wé wọlé. Gbogbo ibùdó ìdìbò ti parí, ó ní bákan náà ni níbi gbogbo. Ó wá ibi tó mọ́ lórí tábìlì, ó tẹ́ ìwé ìbúra síbẹ̀. Àgbélébùú mẹ́ta ló wà lára rẹ̀.

Mo ní kó jókòó. Mo fọ ọwọ́ mi, mo wọ awò, mo ka ìwé náà láti òkè dé ìsàlẹ̀, gbogbo ọ̀rọ̀ inú rẹ̀. Kò sí ẹ̀tàn kankan níbẹ̀. Ohun tó sọ ni ohun tó jẹ́. Mo rántí ọmọ mi àti ilé tí wọ́n ń gbé. Mo fọwọ́ sí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ó wo ààrò, ó wo ọ̀bẹ tó wà lórí tábìlì. "Ẹ mọ̀ pé ẹ ò lè máa po ìyẹ̀fun mọ́, mà."

"Mo mọ̀."

Ó fi pẹ́ńsù padà sétí, ó ká ìwé rẹ̀. Ó dé ẹnu ọ̀nà, ó yíjú padà, ohùn rẹ̀ tutù bó ṣe máa ń tutù.

"Ẹ má jẹ́ kó sú yín. Oṣù mẹ́rìnlá péré ni, Ọlọ́lá."

Mo bojú wẹ̀yìn, mo ń wá ọkọ mi.